Ìwọ̀n Eku Nìwọ̀n Ìtẹ́: Bí A Ṣe Ń Yan Rímù àti Táyà fún Jíìpù Kékeré

Ní ọ̀sẹ̀ tó kọjá, ọ̀kan nínú yín fi fọ́tò ránṣẹ́ sí mi láti Àkúrẹ́. Ó ṣẹ̀ṣẹ̀ ra Toyota RAV4 ọdún 2010. Ọkọ̀ náà mọ́, ó sì dùn ún wò. Ìbéèrè tó tẹ̀ lé fọ́tò náà nìyí: "Ẹ káàsán sà. Ẹni tó ń ta rímù ní kí n yọ ínǹṣì 17 tó wà lẹ́sẹ̀ ọkọ̀ yìí, kí n fi ínǹṣì 20 sí i. Ó ní ìgbà yẹn ni ọkọ̀ á tó gbayì. Ṣé kí n ṣe é, sà?"

Ó wù mí kí n fi ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo dá a lóhùn, ṣùgbọ́n olùkọ́ físíìsì ni mí. Bí mo bá ní "má ṣe é" tí mi ò sọ ìdí, ẹlòmíì á sọ "ṣe é" fún un lọ́la, á sì ṣe é. Yàtọ̀ sí ìyẹn, èmi fúnra mi ti ṣe irú ẹ̀ rí. Ó kù díẹ̀ kó gba ẹ̀mí èèyàn mẹ́ta.

Ohun tí ojú mi rí

Ní 2018, ọmọ ẹ̀gbọ́n mi kan bá mi wá rímù ínǹṣì 20 tó ń dán yinrin. Táyà tó wà lára rẹ̀ dúdú kirikiri. Ẹni tó tà á ní tuntun ni, mo sì gbà á gbọ́. Nígbà tó ku díẹ̀ kí ọdún Kérésìmesì dé, èmi, ìyá àwọn ọmọ mi àti ọmọ-ọmọ mi tó jẹ́ ọmọ ọdún mẹ́fà gbéra láti Ìbàdàn, à ń lọ sí Iléṣà. A kọjá Ìkirè díẹ̀ ni mo kó sí kòtò kan. Kòtò yẹn kì í ṣe èyí tó jinlẹ̀ jù lójú ọ̀nà yẹn. Mo ti kó sí irú rẹ̀ rí tí nǹkan kan ò ṣe. Lọ́jọ́ náà, "gbò-à!" ni mo gbọ́. Táyà iwájú lápá ọ̀tún bẹ́, ọkọ̀ sì fà wá sí ẹ̀gbẹ́ igbó. Ọlọ́run ló yọ wá. Eré mi kò pọ̀, kò sì sí ẹnì kankan tó ń rìn létí ọ̀nà.

Fọ́kánáísà tó wá ràn wá lọ́wọ́ yọ ẹsẹ̀ náà. Rímù ti là. Ó yí táyà padà, ó fi ìka nu eruku kúrò lára rẹ̀, ó ní, "Bàbá, ẹ wo 3610 yìí. Táyà yín dàgbà ju ọmọ tó wà nínú ọkọ̀ yìí lọ." Ó tọ̀nà. Ọ̀sẹ̀ 36, ọdún 2010 ni wọ́n ṣe é. Ó ti pé ọdún mẹ́jọ. Pẹ̀lú gbogbo físíìsì orí mi, mi ò ka nọ́ńbà mẹ́rin. Ọmọkùnrin tí kò wọ kíláàsì mi rí ló kọ́ mi.

Jíìpù tí kì í ṣe jíìpù

Ọkọ̀ yòówù tó bá ga díẹ̀ nílẹ̀, jíìpù la máa ń pè é. Ṣùgbọ́n oríṣi méjì ló wà nínú wọn. Jíìpù gidi ní férémù irin nísàlẹ̀, bíi ti ọkọ̀ akẹ́rù, wọ́n wá gbé ara ọkọ̀ lé e lórí. Èyí tí àwọn òyìnbó ń pè ní crossover kò ní férémù ọ̀tọ̀. Ara ọkọ̀ ayọ́kẹ́lẹ́ lásán ni, wọ́n kàn gbé e ga. RAV4 tó jáde ní 1994 àti Honda CR-V tó tẹ̀ lé e ní 1995 wà nínú àwọn tó là ọ̀nà yìí, orí ìpìlẹ̀ ọkọ̀ ayọ́kẹ́lẹ́ ni wọ́n sì ti kọ́ àwọn méjèèjì.

Kí ló kàn wá níbẹ̀? Ó kàn wá nítorí pé ẹsẹ̀ irú ọkọ̀ yìí kì í ṣe ẹsẹ̀ tírélà, kì í sì í ṣe ti Corolla. Ó wúwo ju Corolla lọ, ó ga jù ú lọ, a sì máa ń di ẹrù sí i bí ẹni tí kò ní padà sí ọjà mọ́. Síbẹ̀, ṣọ́ọ̀kì àti bíárìn rẹ̀ kò nípọn tó ti jíìpù gidi. Àwọn tó ṣe é ti wọn gbogbo èyí kí wọ́n tó yan táyà fún un. Ìwọ̀n eku nìwọ̀n ìtẹ́.

Ẹ ṣí ilẹ̀kùn awakọ̀, kí ẹ wo etí irin tí ilẹ̀kùn ń pa dé. Ẹ máa rí bébà kan tí wọ́n lẹ̀ mọ́ ibẹ̀. Ìwọ̀n táyà àti ìwọ̀n afẹ́fẹ́ tó yẹ kó wà nínú rẹ̀ ló wà níbẹ̀. Lára ọkọ̀ tó ti Amẹ́ríkà wá, ẹ máa rí àpapọ̀ ìwúwo èèyàn àti ẹrù tí kò gbọ́dọ̀ kọjá pẹ̀lú. Ẹ bi bébà yẹn léèrè kí ẹ tó bi ẹnikẹ́ni.

Bí a ṣe ń ka ara táyà

Ká sọ pé a rí 225/65R17 102H lára táyà. Ìtumọ̀ rẹ̀ nìyí:

225 ni fífẹ̀ táyà ní mílímítà. 65 kì í ṣe mílímítà o. Ó túmọ̀ sí pé gíga ẹ̀gbẹ́ táyà jẹ́ ìdá 65 nínú 100 fífẹ̀ rẹ̀, ìyẹn bíi mílímítà 146. R ń sọ bí okùn inú táyà ṣe tò. 17 ni ìwọ̀n rímù tó lè wọ̀ ọ́, ní ínǹṣì.

102 ni nọ́ńbà ẹrù. Kì í ṣe kìló 102. Nọ́ńbà inú àtẹ ni. 102 lè gbé kìló 850, 98 lè gbé 750, 91 ò sì lè gbé ju 615 lọ. Ẹ fi mẹ́rin sọ ọ́ di púpọ̀: táyà 102 mẹ́rin á gbé kìló 3,400, táyà 91 mẹ́rin á gbé 2,460. Ó dà bíi pé méjèèjì tó, àbí? Ṣùgbọ́n ẹrù kì í pín dọ́gba sórí ẹsẹ̀ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin. Tí a bá tẹ bíréèkì, ìwúwo á rọ́ síwájú. Tí a bá já kọ́ọ̀nà, á rọ́ sí ẹ̀gbẹ́ kan. Tí a bá kó sí kòtò, ẹsẹ̀ kan á gba ìyà tó yẹ kí ẹsẹ̀ mẹ́rin pín. Nítorí náà, ẹ má ra èyí tí nọ́ńbà ẹrù rẹ̀ kéré sí ti èyí tó bá ọkọ̀ wá láti ilé iṣẹ́.

H ni ti eré: táyà náà lè gba eré tó kìlómítà 210 ní wákàtí kan. T jẹ́ 190, S jẹ́ 180, V jẹ́ 240. Ẹ ò ní sá eré 210 lójú ọ̀nà Ifẹ̀, mo mọ̀. Ṣùgbọ́n táyà tó lè gba eré púpọ̀ ni ó máa ń fara da ooru púpọ̀, ooru ni a sì ní jù níbí.

Kí ni rímù ńlá ń gbà lọ́wọ́ wa?

Ẹ jẹ́ ká padà sọ́dọ̀ ọmọ Àkúrẹ́. Táyà 225/65R17 ga ní mílímítà 724 láti ìsàlẹ̀ dé òkè. Tó bá fi rímù 20 sí i, ó gbọ́dọ̀ wá táyà tí gíga rẹ̀ súnmọ́ èyí. Bí bẹ́ẹ̀ kọ́, míítà eré á máa parọ́ fún un, táyà sì lè máa ha ara ọkọ̀. 245/45R20 ga ní mílímítà 728. Ó súnmọ́ ọn gan-an. Kí ló wá yí padà? Ẹ̀gbẹ́ táyà tó jẹ́ mílímítà 146 ti di 110. Mílímítà 36 ti lọ, ó ju ìnípọn ìka méjì lọ. Irin ti gba ipò rẹ̀.

Ẹ̀gbẹ́ táyà yẹn ni ìrọ̀rí ọkọ̀. Tí ẹsẹ̀ bá kó sí kòtò, rọ́bà àti afẹ́fẹ́ inú rẹ̀ ló máa ń kọ́kọ́ tẹ̀, tí wọ́n á gba ìyà náà kó tó dé irin. Bí ìrọ̀rí bá fẹ́lẹ́, etí kòtò á kan rímù, á sì gé okùn inú táyà láàárín irin àti òkúta. Ohun tó ṣẹlẹ̀ sí mi nìyẹn. Kòtò tí kì í ṣe ìnàkínà fún ínǹṣì 17 lè pa ínǹṣì 20.

Tí ẹ bá fẹ́ kó yàtọ̀ díẹ̀, kò burú. Àwọn RAV4 kan tó jáde láti ilé iṣẹ́ ní 235/55R18. Gíga rẹ̀ jẹ́ mílímítà 716, ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ jẹ́ 129. Ẹ lè dé ibẹ̀. Tẹ́ ẹ bá ń gba ọ̀nà oko déédéé, ẹ má kúrò lórí 17. Bí ti tiyín bá bá 215/70R16 wá, ẹ dúpẹ́, ìrọ̀rí yín pọ̀.

Rímù alumíníọ̀mù fúyẹ́, ó sì dára lójú, ṣùgbọ́n kòtò líle máa ń là á. Ti irin lásán máa ń tẹ̀ ni, a sì lè nà án padà. Alumíníọ̀mù tó ti là tí wẹ́dà jó pọ̀, ẹ má gbé e sẹ́sẹ̀ iwájú. Àní, ẹ má gbé e sẹ́sẹ̀ kankan.

Nọ́ọ̀tì márùn-ún kò tó ẹ̀rí

"Rímù CR-V máa wọ RAV4, nọ́ọ̀tì márùn-ún ni àwọn méjèèjì." Ẹ ti gbọ́ ọ rí. Òótọ́ ni pé nọ́ọ̀tì márùn-ún ni, òótọ́ sì ni pé àyíká tí ihò nọ́ọ̀tì wà lórí rẹ̀ jẹ́ mílímítà 114.3 fún méjèèjì. Ṣùgbọ́n ẹ wo ihò ńlá àárín rímù, tó ń wọ orí họ́ọ̀bù. Ti Toyota yìí jẹ́ 60.1, ti Honda jẹ́ 64.1. Rímù Toyota kò ní wọ Honda rárá. Rímù Honda á wọ Toyota, ṣùgbọ́n á fi mílímítà mẹ́rin ṣeré lórí họ́ọ̀bù. Nọ́ọ̀tì nìkan ló kù tó dì í mú sáàárín, ọkọ̀ sì lè máa gbọ̀n bí eré bá pọ̀. Tẹ́ ẹ bá ti rà á ná, ẹ wá òrùka tó ń dí àlàfo yẹn.

Ẹnu nọ́ọ̀tì náà yàtọ̀. Ti rímù alumíníọ̀mù Toyota pẹlẹbẹ, ó ní wọ́ṣà. Ti Honda rí roboto bíi bọ́ọ̀lù. Ti ọ̀pọ̀ rímù ọjà ṣe ṣónṣó. Tí ẹnu nọ́ọ̀tì kò bá bá ojú ihò rímù mu, kò ní jókòó dáadáa, bó ti wù kí ẹ fún un tó, á máa tú díẹ̀díẹ̀. Rímù tó sì yọ síta ju ti àtilẹ̀wá lọ máa ń fa bíárìn nínira. Ẹ wo ẹ̀yìn rímù: nọ́ńbà tó tẹ̀ lé ET ló ń sọ èyí. Kó súnmọ́ ti ilé iṣẹ́.

Tí wọ́n bá ń dè é, kí wọ́n máa fò láti nọ́ọ̀tì kan sí èyí tó dojú kọ ọ́, bí ẹni ń ya ìràwọ̀. Ìfúnpọ̀ tí RAV4 ń fẹ́ kò ju Newton-mítà 103 lọ. Ẹni tó bá gun orí sípánà tó ń fi ẹsẹ̀ méjèèjì fò lé e ti kọjá ibẹ̀ tipẹ́.

Ọjọ́ orí táyà àti ọ̀rọ̀ tòkunbọ̀

Michelin ti ilé iṣẹ́ rẹ̀ ní Port Harcourt pa ní 2007. Dunlop náà dáwọ́ táyà ṣíṣe dúró ní Ìkẹjà ní 2008. Láti ìgbà náà, táyà tá à ń lò, àti tuntun àti àlòkù, òkun ló ti ń bọ̀. Ìdí nìyí tí ọjọ́ orí fi ṣe pàtàkì. Rọ́bà máa ń gbẹ bó tilẹ̀ wà nínú ìsọ̀ tí ẹnikẹ́ni kò lò ó.

Ẹ wá DOT lára táyà. Nọ́ńbà mẹ́rin tó gbẹ̀yìn rẹ̀ ni ọjọ́ ìbí: 2319 jẹ́ ọ̀sẹ̀ 23, ọdún 2019. Tí nọ́ńbà ibẹ̀ bá jẹ́ mẹ́ta péré, kó tó di ọdún 2000 ni wọ́n ti ṣe é. Ẹ máa bá tiyín lọ. Bí ẹ kò bá rí nọ́ńbà náà, ẹ wo ẹ̀gbẹ́ kejì, torí ẹ̀gbẹ́ kan ni wọ́n sábà máa ń tẹ̀ ẹ́ sí. Lọ́dọ̀ wa, ọdún mẹ́rin láti ọjọ́ tí wọ́n ṣe é ni àjọ SON fọwọ́ sí. Táyà tó ti lo ọdún mẹ́ta nínú ìsọ̀, ọdún kan ṣoṣo lẹ rà, ẹ jẹ́ kí iye owó fi hàn bẹ́ẹ̀.

Àlòkù ńkọ́? Òfin àṣọ́bodè ilẹ̀ wa kò gbà kí wọ́n kó àlòkù táyà ọkọ̀ kéékèèké wọlé, síbẹ̀ ọjà kún fún un. Mo mọ̀ pé owó ni. Mi ò ní fi ẹnikẹ́ni ṣẹ̀sín. Ṣùgbọ́n ẹ mọ ohun mẹ́ta. Àkọ́kọ́, ọ̀pọ̀ ìgbà ni wọ́n máa ń ki táyà mẹ́ta mẹ́rin bọ inú ara wọn kí àyè lè tó nínú kọ̀ǹtéínà. Okùn inú wọn á ti ṣẹ́ kí wọ́n tó gúnlẹ̀, ojú kò sì ní rí i. Èkejì, àwọn kan máa ń fi abẹ gbẹ́ ilà tuntun sára táyà tó ti jẹ tán, kí ó lè dà bíi pé ó ṣì ní ara. Ẹ̀kẹta, ọ̀pọ̀ nínú wọn jẹ́ táyà ìgbà òtútù. Tẹ́ ẹ bá rí àwòrán òkè olórí mẹ́ta tí yìnyín wà nínú rẹ̀, ẹ wo irú táyà náà dáadáa: bó bá jẹ́ ti ìgbà òtútù, fún ojú ọjọ́ tí kò tó ìwọ̀n 7 Sẹ́síọ́ọ̀sì ni wọ́n ṣe rọ́bà rẹ̀. Ó rọ̀ jù fún oòrùn wa.

Èyí kì í ṣe ìdẹ́rùbà. Ní oṣù kẹta 2016, James Ocholi tó jẹ́ mínísítà kékeré fún ọ̀rọ̀ iṣẹ́ kú lójú ọ̀nà Kàdúná sí Àbújá, òun, ìyàwó rẹ̀ àti ọmọ rẹ̀. Táyà tó bẹ́ wà nínú ohun tí àjọ FRSC sọ pé ó fà á. Táyà kò mọ mínísítà.

Èwo ló bá ọ̀nà wa mu?

Ẹni tó ń lọ síbi iṣẹ́ àti ṣọ́ọ̀ṣì tàbí mọ́sálásí lórí ọ̀dà, kó ra H/T. Kì í pariwo, kì í sì í jẹ epo. Ẹni tí oko rẹ̀ wà lójú ọ̀nà amọ̀ pupa, kó ra A/T. Ilà rẹ̀ jìn, ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ sì le. M/T jẹ́ ti inú ẹrẹ̀. Jíìpù kékeré wa kò nílò rẹ̀.

Tí owó bá tó méjì péré, ẹ̀yìn ni kí tuntun lọ, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ẹsẹ̀ iwájú ló ń fa ọkọ̀. Tí iwájú bá yọ̀ nínú òjò, ẹ máa mọ̀ lọ́wọ́ sítíárìn, ẹ ó sì lè dín eré kù. Tí ẹ̀yìn bá yọ̀, ọkọ̀ á yí po kí ẹ tó pariwo. Ẹ̀yin tí ọkọ̀ yín ń fi ẹsẹ̀ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin wakọ̀, ẹ jẹ́ kí mẹ́rẹ̀ẹ̀rin jẹ́ ìwọ̀n kan náà, kí jíjẹ wọn sì súnmọ́ra. Bí bẹ́ẹ̀ kọ́, ẹ̀rọ tó so iwájú mọ́ ẹ̀yìn kò ní sinmi rárá. Táyà tí ilà rẹ̀ kò ju mílímítà 1.6 lọ ti parí iṣẹ́. Lásìkò òjò, ẹ má jẹ́ kó dé ibẹ̀. Tó bá ti ku 3, ẹ ti máa wá owó.

Afẹ́fẹ́

Ẹ̀ka yìí ni mo fẹ́ràn jù. Táyà 724 yẹn, tó bá yí lẹ́ẹ̀kan, ó ti rin mítà 2.28. Ní eré 100, ó ń yí ní ìgbà 12 láàárín ìṣẹ́jú àáyá kan. Nígbà kọ̀ọ̀kan, ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ á tẹ̀, á tún nà. Láàárín wákàtí kan, ìyẹn á fẹ́rẹ̀ẹ́ tó ìgbà 44,000. Ẹ mú wáyà kan, kí ẹ máa tẹ̀ ẹ́ síwá sẹ́yìn. Ẹ máa rí i pé ó ń gbóná kó tó ṣẹ́. Bí afẹ́fẹ́ bá kéré, títẹ̀ yẹn á pọ̀ sí i, ooru á pọ̀ sí i, rọ́bà á sì bẹ̀rẹ̀ sí í tú kúrò lára okùn. Bí afẹ́fẹ́ bá pọ̀ jù, àárín táyà nìkan ni yóò máa tẹlẹ̀, kòtò á sì máa dun táyà jù.

Nítorí náà, tẹ́ ẹ bá gbọ́ "Bàbá, mo fi 45 sí i," ẹ ní kó yọ ọ́. Nọ́ńbà ńlá tó wà lára táyà ni òpin tí kò gbọ́dọ̀ kọjá, kì í ṣe èyí tó yẹ. Èyí tó yẹ wà létí ilẹ̀kùn, fún ọ̀pọ̀ irú ọkọ̀ yìí ó wà láàárín 30 sí 35 psi. Ẹ wọ̀n ọ́n láàárọ̀ kí ẹ tó gbé ọkọ̀ jáde, nígbà tí táyà tutù. Ẹ ra géèjì tiyín, kò wọ́n. Ẹ má gbàgbé táyà àpamọ́.

Ìdáhùn mi

Mo kọ̀wé sí ọmọ Àkúrẹ́ pé kó fi rímù ínǹṣì 17 rẹ̀ sílẹ̀, kó fi owó rímù 20 ra táyà tuntun mẹ́rin tí kò tíì pé ọdún kan, tí nọ́ńbà ẹrù rẹ̀ kò kéré sí ti tẹ́lẹ̀. Rọ́bà ni kó náwó lé, kì í ṣe irin. Gbogbo ibi tí ọkọ̀ ti ń kan ilẹ̀ lábẹ́ ẹsẹ̀ kọ̀ọ̀kan kò fi bẹ́ẹ̀ ju àtẹ́lẹwọ́ àgbàlagbà kan lọ. Àtẹ́lẹwọ́ mẹ́rin ló gbé ìyàwó, ọmọ àti ìyá rẹ̀ dání.

Ó fèsì pé, "Ó yé mi, sà. Ṣùgbọ́n rímù yẹn rẹwà o." Mo ní mo mọ̀. Tèmi náà rẹwà.

Kí ẹ tó ṣíná ọkọ̀ lọ́la, ẹ bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹsẹ̀ kọ̀ọ̀kan, ẹ nu eruku kúrò, kí ẹ ka nọ́ńbà mẹ́rin yẹn. Iṣẹ́ àṣetiléwá yín nìyẹn.